Yàrá Olè Kò Gbọdọ̀ Ṣófo

Ọmọ mi àtàtà,

Ẹ̀mí rẹ á gùn o. Bí ìwé yìí bá bá ọ lórí ìjókòó, dìde kí o kọ́kọ́ na ara díẹ̀. Bí ó bá sì bá ọ lórí ìdúró, wá ibi jókòó sí, nítorí ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ pọ̀. Ara mi le, ara ìyá rẹ le, ewúrẹ́ wa náà ń jẹ̀. Ọlọ́run tó ń ṣọ́ ọ níbi tí ojú wa ò tó kò ní í gbàgbé rẹ. Ibi tí o bá fẹsẹ̀ tẹ̀, rere ni yóò máa pàdé rẹ, ọ̀gá rẹ níbi iṣẹ́ kò ní í fojú burúkú wò ọ́, àwọn tí ẹ jọ ń jẹun kò ní í di ọ̀tá rẹ. Àmín.

Má ṣe bínú pé bébà yìí ti rún. Abẹ́ ilẹ̀kùn ni ìyá rẹ ti máa fà á jáde. Inú yàrá àtìmọ́lé tuntun tí ìlú wa kọ́ ni mo wà. Má pariwo. Mi ò jalè. Mo kàn ń bá wọn di àyè olè mú ni, títí wọn á fi rí olè gidi, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà ti wá gùn ju bí mo ṣe rò lọ, ìdí nìyí tí mo fi ní kí n ṣàlàyé rẹ̀ fún ọ láti ìbẹ̀rẹ̀, kí o lè wá mú mi jáde.

O mọ̀ pé nígbà tí o fi wà nílé, a kì í tilẹ̀kùn nílùú wa àfi tí òjò bá ń rọ̀. Ní gbogbo ọdún tó kọjá, ohun kan ṣoṣo tó sọnù ni adìẹ ìyá oníbúrẹ́dì, òun náà sì fẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn padà wálé pẹ̀lú ọ̀wọ́ ọmọ lẹ́yìn. Ìgbà tí fóònù tí wọ́n ń fi ìka nù lójú wọ̀lú ni ojú wa là. Alága ẹgbẹ́ ààbò, tí gbogbo wa ń pè ní Ojú-Alákàn nítorí ó ní bí alákàn ṣe ń fojú ṣọ́rí lòun ṣe ń ṣọ́ ìlú, òun ló kó wa jọ sínú ẹgbẹ́ kan nínú fóònù. Láràárọ̀, kí á tó fọnu, olè á ti jà nínú fóònù náà. Wọ́n á ti fọ́lé, wọ́n á ti gbé mọ́tò, wọ́n á ti dá èèyàn lọ́nà. Mo bi Alága pé níbo ni gbogbo èyí ti ń ṣẹlẹ̀, ó ní nínú ayé ni. Mo ní ṣé ayé yẹn jìnnà síbí. Ó ní káfíńtà, ṣé ìwọ kì í ṣe ará ayé ni? Ọ̀rọ̀ náà wọ̀ mí lára. Láti ọjọ́ náà, bí ilẹ̀ bá ti ń ṣú, inú ìkòkò ni mo máa ń gbé fóònù sí, màá fi ọmọrí dé e, màá gbé òkúta lé e, kí àwọn tó wà nínú rẹ̀ má baà jáde wá bá wa lórí ibùsùn. Ìyá rẹ rẹ́rìn-ín títí, ṣùgbọ́n kò sí olè kankan tó jáde, nítorí náà òkúta yẹn ṣiṣẹ́.

Ẹ̀rù wá bẹ̀rẹ̀ sí í bà wá gidi. Bí èèyàn bá kí ọ nírọ̀lẹ́, o ò ní dáhùn, wàá kọ́kọ́ wo ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì. Onígbàjámọ̀ ò fá irùngbọ̀n àlejò mọ́, ó ní ta ló mọ ohun tó wà lábẹ́ rẹ̀. Ẹni tó ń ta àgádágodo kọ́ ilé alájà. Ni Alága bá pe ìpàdé, ó ní olójú kì í lajú sílẹ̀ kí tàlùbọ̀ yí wọ̀ ọ́, ó ní ìlú tí kò ní yàrá àtìmọ́lé, olè ló ń pè. Tíṣà dìde, ó ní owó tó wà nílẹ̀, òrùlé ilé-ìwé la fẹ́ fi ṣe, ó ní òjò ń pa àwọn ọmọ sórí ìwé. Alága bi í pé ta ni yóò kàwé bí olè bá ti kó gbogbo wa tán. Gbogbo wa pàtẹ́wọ́. Èmi gan-an dìde dúró pàtẹ́wọ́.

Èmi ni wọ́n gbé iṣẹ́ ilẹ̀kùn fún. Ọmọ mi, mi ò ní í purọ́ fún ọ, ilẹ̀kùn yẹn dára. Pákó tó gbẹ dénú ni mo lò, mo fá a títí ó fi ń dán, híńjì mẹ́ta ni mo fi gbé e ró, o ò ní gbọ́ kó dún bí o bá ń ṣí i. Páànù tó ṣẹ́kù lára òrùlé, Alága kó o lọ sílé ara rẹ̀ kí olè má baà jí i. Símẹ́ńtì tó ṣẹ́kù náà, ó kó o lọ. Ó ti fi wọ́n kọ́ ilé ìdáná sẹ́yìnkùlé rẹ̀ báyìí, kí wọ́n lè máa wà lójú rẹ̀. Jẹnẹrétọ̀ tí a dáwó rà fún àwọn ọdẹ, ilé rẹ̀ náà ló wà, ó ní ilé òun ni olè máa kọ́kọ́ fẹ́ dé. Ọkùnrin yẹn ń wàhálà lórí wa.

Lọ́jọ́ tí wọ́n máa ṣí yàrá náà, ọ̀gá kan wá láti ìjọba, òun àti ayàwòrán. Ó gé rìbọ́nì, ó wọlé, ó wò yíká, ó jáde, ó ní olè náà dà? Gbogbo wa ń wojú ara wa. Alága ní a ò tíì rí ọ̀kan. Ọ̀gá ní ṣé ẹ kọ́ irú ilé yìí láì ní olè? Ojú tì wá, ó tì wá bí ẹni tó pe àlejò wá jẹun tí kò dáná. Ọ̀gá tún ní ìlú tí òun ti ń bọ̀ báyìí, yàrá tiwọn kún débi pé àwọn kan ń dúró. Ayàwòrán ní òun ò lè ya òfìfo.

Alága bá tẹ̀ sí mi létí, ó ní káfíńtà, ìwọ lo ṣe ilẹ̀kùn yìí, wọlé kí á lè fi han ọ̀gá bí ó ṣe ń tì. Inú mi dùn. Láti àárọ̀ kò sí ẹni tó dárúkọ ilẹ̀kùn náà, páànù ni gbogbo wọn ń yìn. Mo wọlé. Ayàwòrán ní kí n ṣí fìlà, mo ṣí i. Ó ní kí n má rẹ́rìn-ín, mo há ẹ̀rín náà mọ́nú. Wọ́n gbé agogo ilé-ìwé lé mi lọ́wọ́, wọ́n ní kí n dì í mú bí ohun tí kì í ṣe tèmi. Ìyẹn ò le rárá, nítorí kì í ṣe tèmi lóòótọ́. Wọ́n ti ilẹ̀kùn, ó sì tì wọ́ọ́rọ́. Ọ̀gá lù ú nígbà mélòó kan, ó ní iṣẹ́ gidi nìyí, gbogbo èèyàn sì tẹ̀ lé e lọ jẹun nílé Alága.

Nígbà tí mo rò pé ọwọ́ wọn ti yẹ kó kúrò nínú abọ́, mo kanlẹ̀kùn. Alága fúnra rẹ̀ ló wá sí ojú fèrèsé. Ó ní káfíńtà, fara balẹ̀, àwọn èèyàn ti ń sọ pé àwọn máa sùn dáadáa lónìí, má jẹ̀ẹ́ kí á ba oorun jẹ́ mọ́ wọn lójú, jẹ́ kó di ọ̀la. Mo ní ọ̀rọ̀ gidi ni. Ọ̀la dé, ó ní àwòrán mi ti dé ọ̀dọ̀ ìjọba, bí wọ́n bá wá béèrè olè wọn ńkọ́, ta la fẹ́ fi hàn wọ́n?

Àwòrán yẹn sì ti rìn jìnnà nínú fóònù. Tíṣà ló máa ń dúró sẹ́yìn fèrèsé ka ohun tí wọ́n ń kọ sábẹ́ rẹ̀ fún mi. Àwọn èèyàn tí mi ò mọ̀ rí, ní ìlú tí mi ò dé rí, fi ọkàn pupa ránṣẹ́ sí mi, mo sì dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo wọn. Ẹnì kan kọ ọ́ pé kí wọ́n gé mi lọ́wọ́. Mo ní kí Tíṣà bá mi dá a lóhùn pé ọwọ́ yìí ni mo fi ń fá pákó, kí ó jọ̀ọ́, ṣé kò sí nǹkan mìíràn tó fẹ́. Obìnrin kan ní ojú mi nìkan ti tó ẹ̀rí, ó ní ojú olè paraku ni. Mo bi ìyá rẹ bí ojú mi ṣe rí. Ó wò mí láti ojú fèrèsé, ó kàn ń sunkún.

Ohun tó dùn mí nínú ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe àwọn ará òkèèrè. Àwọn ará ilé ni. Kò pẹ́ rárá tí wọ́n fi bẹ̀rẹ̀ sí í rántí nǹkan. Onígbàjámọ̀ rántí pé mo máa ń tẹjú mọ́ àga òun bí mo bá wá gẹ̀rún, bẹ́ẹ̀ èmi ni mo kan àga ọ̀hún, ẹsẹ̀ rẹ̀ kan ti ń yẹ̀, kí n má wò ó ni? Ìyá oníbúrẹ́dì rántí pé mo máa ń rìn jẹ́ẹ́jẹ́ kọjá níwájú ilé òun. Ọ̀rẹ́ mi tí a jọ ń ta dráfù láti ìgbà èwe wa, ó ní òun ti ń fura tipẹ́ pé mo máa ń jẹ òun jù, ó ní ọmọlúàbí wo ló ń jẹ ayò tó bẹ́ẹ̀? Ọmọ mi, èyí dùn mí dé egungun. Obìnrin àdúgbò tó gbé ọ pọ̀n sẹ́yìn rí, kì í kí mi mọ́. Bí ó bá ń kọjá, á sún ọmọ rẹ̀ sí apá kejì.

Adájọ́ tó ń yí ká àwọn ìlú kéékèèké dé ọ̀dọ̀ wa. Èèyàn jẹ́jẹ́ ni, ó kàn ń kánjú nítorí ibi tó kù tó máa dé lọ́jọ́ náà pọ̀. Ó gbé àwòrán sókè, ó ní ṣé ìwọ rèé? Mo ní èmi ni, sà. Ó ní ṣé agogo lo dì mú yìí? Mo ní agogo ni, sà. Ó ní ṣé tìrẹ ni? Mo ní rárá o, ti ilé-ìwé ni, sà. Ó ní ó tó. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ gan-an, nítorí gbogbo ìbéèrè rẹ̀ pátá ni mo mọ̀. Mo fẹ́ fi kún un pé ńṣe ni wọ́n gbé agogo náà lé mi lọ́wọ́, ó ní ìyẹn ò sí nínú àwòrán. Ó wá ní n óò wà níbẹ̀ títí ọmọ mi tó níṣẹ́ gidi lọ́wọ́ yóò fi fẹsẹ̀ ara rẹ̀ wá ṣe onídùúró fún mi. Ọmọ wo ni mo tún ní lẹ́yìn rẹ?

Èyí tó wá ya gbogbo wa lẹ́nu nìyí. Nígbà tí wọ́n ti mú olè, àwọn èèyàn ò tilẹ̀kùn mọ́. Wọ́n ní kí la tún ń tì í fún? Ni nǹkan bá bẹ̀rẹ̀ sí í sọnù lóòótọ́. Sísọ́ọ̀sì aránṣọ lọ. Adìẹ ìyá oníbúrẹ́dì lọ, tòun tọmọ, wọn ò sì padà wá lọ́tẹ̀ yìí. Dígí ńlá onígbàjámọ̀, èyí tó gùn tó èèyàn, lọ. O lè rò pé wọ́n á sọ pé ó jọ pé káfíńtà kọ́ ni olè. Rárá o. Wọ́n pariwo pé ẹ wo irú ògbólógbòó olè tí èyí jẹ́, ó wà ní àtìmọ́lé, ó ṣì ń jà! Wọ́n fi àgádágodo kejì kún ti tẹ́lẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà da èmi gan-an láàmú débi pé mo gbé ẹní mi sókè, mo wo abẹ́ rẹ̀ dáadáa. Kò sí dígí níbẹ̀.

Ìyá rẹ ní òun rí dígí ọ̀hún nínú pálọ̀ Alága nígbà tí òun lọ bẹ̀ ẹ́ nítorí mi. Alága ní òun rà á ni. Ó tún kó gbogbo ìlú jọ, ó ṣàlàyé bí olè náà ṣe gbé e: bí ó ṣe gba ẹ̀yìnkùlé, bí ó ṣe fi aṣọ wé e kí ó má baà kọ mànà, bí ó ṣe sinmi díẹ̀ lẹ́bàá ògiri nítorí ó wúwo. Gbogbo èèyàn kan sáárá sí i. Ìyá rẹ nìkan ló ní olè ló ń mọ ẹsẹ̀ olè tọ̀ lórí àpáta. Mo rò pé ó ń yìn ín ni, ṣùgbọ́n wọ́n lé e kúrò níbẹ̀, wọ́n ní kí ìyàwó olè panu mọ́.

Lẹ́yìn náà ni Alága àti ìgbìmọ̀ wá jókòó tì mí. Wọ́n fi ọ̀wọ̀ bá mi sọ̀rọ̀, wọ́n tilẹ̀ gbé tíì wá. Wọ́n ní ta ni mo máa ń bá sọ̀rọ̀ lórí fóònù kí wọ́n tó gbà á. Mo gbàgbé láti sọ fún ọ pé Alága ti gba fóònù mi pa mọ́ kí olè má baà jí i. Inú mi dùn pé wọ́n béèrè rẹ. Mo ní ọmọ mi ni, ọmọ gidi, ilé owó ńlá nílùú ńlá lọ́hùn-ún ló ti ń ṣiṣẹ́. Mo ní níbi tó jókòó sí, bí ó bá ti tẹ bọ́tìnnì, ó ń rí owó gbogbo èèyàn. Wọ́n ní láì kúrò lórí ìjókòó? Mo ní láì dìde rárá! Mo ní ó máa ń mú owó láti ọ̀hún, á rán an gba inú afẹ́fẹ́, á sì bọ́ sọ́wọ́ mi níbí, kò sì sẹ́ni tó máa rí i lọ́nà. Wọ́n wo ara wọn. Alága mí kanlẹ̀, ó ní bí owó bá lè gba inú afẹ́fẹ́ wọlé, kí ni kò ní í jẹ́ kí dígí gba inú afẹ́fẹ́ jáde? Mi ò mọ̀ pé ọkùnrin yẹn gbọ́n tó bẹ́ẹ̀. Wọ́n bi mí bí o ṣe ga tó, mo fi hàn wọ́n lára ògiri. Wọ́n bi mí ìgbà tí o ń bọ̀, mo ní kò ní í pẹ́, nítorí onídùúró. Wọ́n bọ̀ mí lọ́wọ́ kí wọ́n tó lọ. Ó pẹ́ díẹ̀ tí ẹnikẹ́ni ti bọ̀ mí lọ́wọ́ kẹ́yìn, omi fẹ́rẹ̀ẹ́ bọ́ lójú mi.

Ìròyìn ayọ̀ tó wá tẹ̀ lé e ni pé wọ́n ti ń kọ́ yàrá kejì sẹ́gbẹ̀ẹ́ tèmi. Wọ́n ní ẹni pàtàkì kan láti ìlú ńlá ni wọ́n ń kọ́ ọ dè. Èmi náà ni wọ́n tún gbé ilẹ̀kùn rẹ̀ fún, wọ́n kó pákó wá bá mi nínú ibí, wọ́n dá àpótí irinṣẹ́ mi padà. Ìyá rẹ ní nígbà tí irinṣẹ́ ti wà lọ́wọ́ mi, kí ni mo ṣì ń wá níbí? Òótọ́ ni pé híńjì ilẹ̀kùn mi, apá inú ló wà, mo lè tú u kí omi tíì tó hó. Ṣùgbọ́n mo bi í pé ta ni yóò tún gbéṣẹ́ fún káfíńtà tí olè tú ilẹ̀kùn rẹ̀?

Nítorí náà, ọmọ mi, bá mi wá nǹkan díẹ̀ fi ránṣẹ́. Owó híńjì àti ọ̀dà ilẹ̀kùn kejì ni, Alága ní ẹbí olè ló ń sanwó ilẹ̀kùn olè, ó ní bó ṣe wà nínú òfin nìyẹn. Fi owó awò ojú kún un, kí n lè máa rí ojú ìlà tí mo fà sórí pákó. Má ṣe fi í gba inú afẹ́fẹ́, wọ́n ti yan àwọn ọdẹ méjì tí wọ́n ń ṣọ́ afẹ́fẹ́ báyìí. Mú un lọ́wọ́ wá fúnra rẹ.

Ìyá rẹ ní kí n kọ ọ́ gàdàgbà gadagba pé MÁ WÁ, ó ní bí n kò bá kọ ọ́ òun ò ní í mú ìwé yìí jáde. Mo ti kọ ọ́. O mọ bí ìyá rẹ ṣe máa ń bẹ̀rù nǹkan. Wá.

Ọlọ́run yóò ṣí ilẹ̀kùn ire fún ọ, èyí tó bá ṣí kò ní í tì mọ́. Ìlú tí o bá dé, wọn kò ní í jẹ́ kí o lọ. Àwa tí a bí ọ, ọwọ́ wa ni wàá máa wà títí ayé.

Èmi ni bàbá rẹ, káfíńtà.

Mo gbàgbé ohun kan. Níbi tí mo ti ń ro ẹni tó lè jẹ́ ẹni pàtàkì láti ìlú ńlá yẹn, ọkàn mi sọ fún mi pé ìwọ ni wọ́n fẹ́ fi yàrá náà dá lọ́lá, wọn ò kàn fẹ́ kí n tètè mọ̀ ni. Alága ní kí n ṣe ẹnu ọ̀nà rẹ̀ kó rí bíi tèmi, ṣùgbọ́n mo ti dọ́gbọ́n gbé àtẹ́rígbà rẹ̀ sókè díẹ̀, kí o lè nàró wọlé, kí ohunkóhun má gbá ọmọ mi lórí.